Òṣèré Tí Kì Í Ṣe Olú Eré: Orlando Martins, Ọmọ Èkó, Nínú Sinimá Òyìnbó

Mo júbà àwọn aṣáájú, láti orí àwọn eégún aláré tí wọ́n ń kiri láti ìlú dé ìlú, títí dé orí Hubert Ògúndé, Kọ́lá Ògúnmọ́lá, Dúró Ládípọ̀ àti Oyin Adéjọbí. Kí ìbà mi ó ṣẹ.

Òṣèré tí kì í ṣe olú eré ni ọ̀rọ̀ mi dá lé lórí. Gbogbo wa la mọ ojú rẹ̀, díẹ̀ nínú wa ló mọ orúkọ rẹ̀. Òun ni ìjòyè tó jókòó sápá ọ̀tún ọba láàfin. Òun ni ìyá tó ń fi omijé bẹ ọmọ rẹ̀ pé kó má lọ. Òun ni babaláwo tó da ọ̀pẹ̀lẹ̀ sílẹ̀ fún akọni kí akọni tó lọ ja ìjà tí a ó torí rẹ̀ pàtẹ́wọ́. Bó bá ṣe ipa tirẹ̀ yanjú, akọni la máa ń yìn. Bí kò bá ṣe é dáadáa, eré á kàn rí bí irọ́ lójú wa, a ò sì ní lè tọ́ka sí ibi tí irọ́ náà ti wọlé.

Ẹ jẹ́ ká ro iṣẹ́ náà wò bó ṣe rí. Olú eré ní odindi wákàtí kan àbọ̀ tí a ó fi mọ irú ẹni tó jẹ́. Ẹnìkejì yìí lè má ní ju ìṣẹ́jú mẹ́rin lọ. Nínú ìṣẹ́jú mẹ́rin yẹn, ó gbọ́dọ̀ wọlé bí ẹni tó ti ní ayé tirẹ̀ kó tó kan ilẹ̀kùn: ó ní ìyàwó nílé, ó jẹ gbèsè, orúnkún ń dùn ún, ọ̀rọ̀ kan sì wà tí kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni bi òun. Kò sẹ́ni tó kọ ìkankan nínú èyí sínú ìwé eré fún un. Òun fúnra rẹ̀ ló máa wá a, tí yóò sì gbé e wọlé lára rẹ̀. Mo gbà pé iṣẹ́ yìí le ju ti olú eré lọ, mo sì fẹ́ fi ìtàn ọkùnrin kan gbè é lẹ́yìn.

Orlando Martins lorúkọ rẹ̀. Ọjọ́ 8 oṣù Kejìlá ọdún 1899 ni wọ́n bí i ní Òkè-Súnà, ní Erékùṣù Èkó. Àgùdà ni ìdílé bàbá rẹ̀, ìran àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Brazil, tí àwọn ọmọ wọn sì padà wálé wá kọ́ pẹ̀tẹ́ẹ̀sì aláràbarà sí Pópó Àgùdà àti àyíká rẹ̀. Àwọn ló ń jẹ́ Martins, da Silva, Pereira, Pedro, da Rocha. Òṣìṣẹ́ ìjọba ni bàbá Orlando. Wọ́n fi ọmọ náà sí Eko Boys' High School ní 1913, kò parí rẹ̀. Ogun Àgbáyé Kìíní ń lọ lọ́wọ́ nígbà tó wọkọ̀ ojú omi lọ. Ìtàn tí wọ́n ń sọ nípa rẹ̀ ni pé àwọn ará Jámánì mú ìyá àgbà rẹ̀ nígbèkùn, inú bí ọmọ náà, ó ní òun á gbẹ̀san. Ohun tó dájú ni pé inú yàrá ẹ̀ńjìnnì ọkọ̀ Mauretania ló bá ara rẹ̀, níbi tó ti ń fi ṣọ́bìrì da èédú síná. Nígbà tí ogun parí, ó fi London ṣe ibùgbé ní 1919.

Kò sí iléèwé tó ń kọ́ aláwọ̀ dúdú ní eré ṣíṣe tó dúró dè é níbẹ̀. Ó ru ẹja ní ọjà Billingsgate. Ó ṣiṣẹ́ nílé ìdáná, ó ṣọ́ ilé lóru. Ó ja ìjàkadì fún owó, Black Butcher Johnson sì ni orúkọ tí wọ́n fi ń polówó rẹ̀ fún àwọn òǹwòran. Ó bá sákọ́ọ̀sì Lord John Sanger rìn, ejò ló fi ń ṣeré níbẹ̀. Ó dúró lẹ́yìn àwọn oníjó bálẹ́ẹ̀tì Diaghilev láìsọ ọ̀rọ̀ kan, ó sì wọ ẹgbẹ́ akọrin inú eré olórin Show Boat. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ẹ má ṣe fojú kéré àwọn iṣẹ́ wọ̀nyí. Ẹni tó bá ti ja ìjàkadì níwájú èrò tó sanwó ti mọ bí wọ́n ṣe ń dúró tí ojú gbogbo á fi wá sí ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ẹni tó bá ti fi ejò ṣeré mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe jẹ́ẹ́. Ó ga, ó síngbọnlẹ̀, ohùn rẹ̀ sì wá láti ìsàlẹ̀ ikùn. Ìgbà tí sinimá fi máa rí i, ara rẹ̀ ti kẹ́kọ̀ọ́ tán.

Ní 1926 ló kọ́kọ́ yọjú nínú sinimá, nígbà tí àwòrán kò tíì máa sọ̀rọ̀, láàrin èrò inú eré kan tí wọ́n pè ní If Youth But Knew. Irú ipa tí àwa níbí ń pè ní waka-pass ni. Díẹ̀díẹ̀ ló ń tibẹ̀ gòkè. Ó wà nínú Tiger Bay ní 1934. Ọdún tó tẹ̀ lé e ni Sanders of the River jáde, eré tí mo fẹ́ dúró lé lórí díẹ̀.

Alexander Korda ló gbé eré náà jáde, Zoltan àbúrò rẹ̀ ló darí rẹ̀. Wọ́n ní Nàìjíríà ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀. Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó kan tó ń jẹ́ Sanders ni akọni. Òun nìkan ló lè mú kí àwọn ọba tó wà létí odò má pa ara wọn. Wọ́n rán àwọn ayàwòrán lọ sí Áfíríkà kí wọ́n lọ ya ijó, ìlù àti odò wá. Àmọ́ etí odò Thames, ní Shepperton, ni wọ́n kọ́ abúlé tí wọ́n pè ní ti Áfíríkà sí, wọ́n sì kó àwọn aláwọ̀ dúdú tó ń gbé Britain wá kún inú rẹ̀. Jomo Kenyatta, tó di olórí Kenya nígbà tó yá, wà lára àwọn tó wọ awọ ẹran dúró síbẹ̀ láti gbowó. Paul Robeson, akọrin ará Amẹ́ríkà tí gbogbo ayé mọ̀, ló ṣe Bosambo. Orlando Martins náà wà níbẹ̀. Ẹ fojú inú wò ó: ọmọ Òkè-Súnà, tó dàgbà láàrin pẹ̀tẹ́ẹ̀sì àti iná ẹ̀lẹ́ńtíríìkì, ni wọ́n mú wá sínú ahéré etí Thames kó wá jẹ́ ará Nàìjíríà tí òyìnbó kan fọkàn rò.

Nígbà tí Robeson rí bí wọ́n ṣe to eré náà pọ̀ tó fi di orin ìyìn fún ìjọba amúnisìn, inú rẹ̀ bàjẹ́, ó sì takété sí i ní gbangba. Robeson lágbára láti ṣe bẹ́ẹ̀. Orin ń bọ́ ọ, gbọ̀ngàn ń kún dé ẹnu nítorí rẹ̀ láti New York dé Moscow. Òṣèré ipa kékeré kò ní irú ilé bẹ́ẹ̀ tó lè sá sí. Bó bá kọ ipa ìjòyè lónìí, ìyá onílé á kan ilẹ̀kùn lọ́la, ẹlòmíràn tó sì ga bíi tirẹ̀ á gba ipa náà. Mo ti ka àwọn tó ń dá irú wọn lẹ́bi pé wọ́n ta ìran wọn. N kò lè bá wọn dá ẹjọ́ yẹn. N kò sì sọ pé nǹkan kan kò bàjẹ́. Ó bàjẹ́, ó sì pọ̀, nítorí pé àwọn ọmọdé tó wo eré náà nílùú òyìnbó rò pé bí a ṣe rí nìyẹn. Àwọn tó ni owó àti kámẹ́rà ló yẹ kí ẹ̀bi náà wúwo lé lórí.

Ohun tí ọkùnrin yìí lè ṣe, bí ẹni tó mọ iyì rẹ̀ bá kọ ipa fún un, hàn ní oṣù Kẹta ọdún 1936. C. L. R. James, ọmọ Trinidad, ló kọ eré nípa Toussaint L'Ouverture àti bí àwọn ẹrú Haiti ṣe gba ara wọn. Orí ìtàgé Westminster ní London ni wọ́n ti ṣe é. Robeson ni Toussaint. Orlando Martins ni Boukman, ẹni tó gbé ọ̀tẹ̀ náà dìde ní 1791. Ipa kejì náà lèyí, ṣùgbọ́n ẹ wo ìyàtọ̀ rẹ̀. Boukman kò dúró lẹ́yìn ajẹ́lẹ̀ kankan. Láti ẹnu rẹ̀ ni iná ti ràn. Alẹ́ méjì péré ni wọ́n ṣe eré náà. Kò sí ilé-iṣẹ́ sinimá kankan tó rà á.

Ní 1946, ó gba ipa tó tíì tóbi jù fún un nínú sinimá títí di ìgbà náà, ìyẹn ipa Magole nínú Men of Two Worlds. Thorold Dickinson ló darí rẹ̀. Tanganyika ni ìtàn náà ti wáyé. Kisenga, ọmọ ìlú kan tó ti lo ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ní London tó sì di àgbà nínú títẹ dùùrù, padà sílé láti ran ìjọba lọ́wọ́ kí àwọn ará ìlú lè ṣí kúrò níbi tí kòkòrò àrùn oorun wà. Magole, oníṣègùn ìlú, ló dènà rẹ̀. Ó fi ẹnu lásán sọ fún Kisenga pé ikú ń bọ̀ wá bá a, ọkùnrin tó kàwé títí náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í kú lọ. WASU, ẹgbẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà, tí Ládiípọ̀ Ṣólàńkẹ́ ọmọ Abẹ́òkúta dá sílẹ̀ ní London ní 1925, fi ẹ̀hónú hàn sí ìjọba nítorí bí ìtàn náà ṣe sọ àṣà Áfíríkà di òkùnkùn. Wọ́n ṣe ohun tó tọ́. Èmi náà ì bá bá wọn fọwọ́ sí ìwé ẹ̀hónú náà. Síbẹ̀, bí a bá ya ẹni tó kọ eré sọ́tọ̀ kúrò lára ẹni tó ṣe é, Magole ni ẹni tí apá ò ká nínú gbogbo eré náà. Eré náà kò lè dúró bí a ò bá gbà pé ọ̀rọ̀ ọkùnrin yìí lè pa èèyàn, Orlando Martins ló sì mú wa gbà á.

Robert Adams, ọmọ Guyana, ló ṣe Kisenga. Olú eré ni, iṣẹ́ rẹ̀ sì dára. Lẹ́yìn ìyẹn, kò sí sinimá tó tún fún un ní irú ipa bẹ́ẹ̀ mọ́. Ilé-iṣẹ́ sinimá Britain nígbà náà kò mọ ohun tí wọn yóò fi aláwọ̀ dúdú tó jẹ́ olú eré ṣe. Wọ́n mọ ohun tí wọn yóò fi ìjòyè, oníṣègùn, agbẹ́rù àti olùdáná ṣe. Ìdí nìyí tí ọ̀nà Martins fi gùn ju ti olú eré lọ. Ìbùkún inú ìnira ni, n kò sì mọ̀ bóyá èèyàn lè dúpẹ́ fún un.

Mo wá dé ibi tí mo ti ń bọ̀. The Hasty Heart ni wọ́n pe eré náà, 1949 ló jáde, Vincent Sherman ló darí rẹ̀ ní ilé-iṣẹ́ sinimá Elstree láti inú eré orí ìtàgé tí John Patrick kọ. Ilé ìwòsàn àwọn ọmọ ogun ní Burma ni, ìgbà tí Ogun Àgbáyé Kejì ń parí lọ. Wọ́n gbé ọmọ ogun Scotland kan wọlé, Lachlan McLachlan, tí Richard Todd ṣe. Agídí ni, kò gba nǹkan lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, kò sì fẹ́ jẹ ẹnikẹ́ni ní gbèsè oore. Ohun tí kò mọ̀ ni pé kíndìnrín kan ṣoṣo tó kù fún un ti ń kú lọ, kò sì ní ju ọ̀sẹ̀ mélòó kan lọ láyé. Àwọn tó dùbúlẹ̀ sí wọ́ọ̀dù náà mọ̀. Dókítà ti bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n sún mọ́ ọn kó má baà dá kú. Ará Amẹ́ríkà kan wà nínú wọn, Ronald Reagan ló ṣe é, ẹni tó di ààrẹ orílẹ̀-èdè rẹ̀ ní 1981. Ará England wà níbẹ̀, ará Australia, ará New Zealand. Patricia Neal ni nọ́ọ̀sì wọn. Lórí ibùsùn kan, ọmọ ogun Áfíríkà kan wà tí wọ́n ń pè ní Blossom. Orlando Martins nìyẹn, ó sì ti ṣe ipa kan náà lórí ìtàgé ní London ní 1945.

Blossom kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ọ̀rọ̀ kan péré ló ní láti sọ nínú gbogbo eré náà, orúkọ ara rẹ̀: Blossom. Ẹ̀yin tí ẹ máa ń ka ojú ìwé ọ̀rọ̀ yín kí ẹ tó gba ipa, ẹ fetí sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan péré.

Kí ni òṣèré á fi irú ipa bẹ́ẹ̀ ṣe? Ó gbọ́dọ̀ wà lórí ibùsùn yẹn ní ìran lẹ́yìn ìran tí àwọn yòókù ń tàkùrọ̀sọ, kó gbọ́ ohùn láìgbọ́ ọ̀rọ̀. Ìyẹn kì í ṣe ohun kékeré. Òṣèré tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì bí ẹní mu omi, tó gbé London fún bí ogójì ọdún kó tó darí wálé, ní láti jẹ́ kí àwàdà kọjá lójú rẹ̀ láìdúró. Bó bá rẹ́rìn-ín, kó rẹ́rìn-ín nítorí pé ẹlòmíràn rẹ́rìn-ín, kó sì fi bí ìṣẹ́jú àáyá kan pẹ́ sẹ́yìn wọn. Bí wọ́n bá dárúkọ ikú, kí ojú rẹ̀ má yí padà. Ojú tó bá yí padà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo ti ba ìparí eré jẹ́, ẹ ó sì rí ìdí rẹ̀ nísinsìnyí.

McLachlan padà rọ̀. Wọ́n ṣe ọjọ́ ìbí fún un, wọ́n ra aṣọ ìbílẹ̀ Scotland fún un, ó sì wá dẹni tó ń fi ọwọ́ gbá èjìká ọ̀rẹ́. Lẹ́yìn náà ni ọ̀gá ológun sọ òtítọ́ fún un pé ó máa kú. Gbogbo ọ̀rẹ́ náà korò sí i lẹ́nu. Ó ní àánú ni wọ́n fi ń ṣe òun, pé bí kì í bá ṣe ikú, kò sẹ́ni tí ì bá yà sọ́dọ̀ òun. Ó di ẹrù rẹ̀, ó fẹ́ máa lọ kú sílé. Blossom dìde, ó mú ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn kan wá, ó nà án sí i. McLachlan gbà á, ó sọ ọ́ mọ́lẹ̀. Ìgbà náà ni wọ́n wá jẹ́ kó yé e pé Blossom kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, kò sẹ́ni tó sọ fún un, kò mọ̀ rárá pé ikú wà nínú ọ̀rọ̀ náà. Ọ̀rẹ́ tirẹ̀ kì í ṣe àánú. Láàrin gbogbo wọn, òun nìkan ni McLachlan kò lè fura sí. Ohun tó fọ́ agídí ọkùnrin náà nìyẹn, ó sì dúró láti kú láàrin àwọn èèyàn rẹ̀.

Gbogbo eré, pẹ̀lú gbogbo olówó ńlá inú rẹ̀, wá gún sórí ọwọ́ ẹni tí kò sọ ju ọ̀rọ̀ kan lọ. Richard Todd ni wọ́n dárúkọ fún Oscar òṣèrékùnrin tó ta yọ, ó sì tọ́ sí i. N kò jiyàn. Ohun tí mo ń sọ ni pé bí Orlando Martins bá ti jẹ́ ká fura fún ìṣẹ́jú àáyá kan pé ó gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ, omijé Todd ì bá ti dòfo. Bí ẹ bá rí eré náà, ẹ má wo Reagan. Ẹ wo ibùsùn Blossom.

Àwọn ọdún 1950 kò fi bẹ́ẹ̀ dùn mọ́ mi nínú, n ò ní pẹ́ níbẹ̀. Where No Vultures Fly, West of Zanzibar, Simba tó dá lórí ogun Mau Mau ní Kenya, Tarzan and the Lost Safari: ìjòyè, ìjòyè, olórí abúlé, ìjòyè. Ó ṣe wọ́n gẹ́gẹ́ bí ọmọlúàbí ṣe ń ṣe iṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀. Láàrin wọn, The Nun's Story ti 1959 yàtọ̀. Fred Zinnemann ló darí rẹ̀, Audrey Hepburn ni obìnrin ajẹ́jẹ̀ẹ́ tó lọ ṣe nọ́ọ̀sì ní Congo, Martins sì ni Kalulu tó ń bá a ṣiṣẹ́ nílé ìwòsàn. Ipa náà kò gùn, àmọ́ èèyàn gidi ni Kalulu, ó mọ iṣẹ́ rẹ̀, ó sì ń béèrè ohun tó rú u lójú. Ọdún yẹn kan náà ló jẹ́ ọlọ́tí nínú Sapphire, eré tó tú àṣírí ẹ̀tanú àwọ̀ ní London.

Ọdún 1959 náà ló padà sí Èkó. Kò fi eré sílẹ̀. Wọ́n ṣì ń ránṣẹ́ sí i. Ó wà nínú Sammy Going South ní 1963 àti nínú Mister Moses ní 1965. Ṣùgbọ́n ohun tó mú mi láyọ̀ jù nínú gbogbo ìtàn rẹ̀ wáyé lẹ́yìn tó ti pé ẹni àádọ́rin ọdún. Francis Ọládélé gbé Kongi's Harvest ti Wọlé Ṣóyínká jáde gẹ́gẹ́ bíi sinimá ní 1970. Ossie Davis wá láti Amẹ́ríkà láti darí rẹ̀. Ṣóyínká fúnra rẹ̀ ṣe Kongi, Rasidi Onikoyi ṣe Ọba Dánlọ́lá, Fẹ́mi Johnson, onísòwò adójútòfò Ìbàdàn tó fẹ́ràn ìtàgé bí ojú, wà níbẹ̀. Orlando Martins ṣe Dókítà Gbenga. Lẹ́yìn ọdún mẹ́rìnlélógójì tó ti ń dúró níwájú kámẹ́rà, ó wá wọ aṣọ ọmọwé nínú ìtàn tí ọmọ Yorùbá kọ.

Ọládélé kò dúró síbẹ̀. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, wọ́n pa ìwé Chinua Achebe méjì pọ̀ di sinimá kan, Things Fall Apart àti No Longer at Ease. Ipa Obierika ni wọ́n fún Martins. Ẹ̀yin tí ẹ ti ka Things Fall Apart mọ̀ ọ́n: ọ̀rẹ́ Okonkwo ni, ẹni tó ń ronú nígbà tí Okonkwo ń jà. Òun ló kọjú sí ajẹ́lẹ̀ òyìnbó lọ́jọ́ tí Okonkwo pokùn so, tó sì sọ ohun tí òyìnbó náà ṣe fún un lójú rẹ̀. Ẹ rántí Sanders. Ní 1935, ajẹ́lẹ̀ ni akọni, Martins sì wà láàrin àwọn tí wọ́n ń pàṣẹ fún. Òṣèré kan náà ló pẹ́ láyé tó fi di Obierika. Kì í ṣe pé ó yí padà; àwọn tó ń kọ ìtàn ló yí padà.

Ọjọ́ 25 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1985 ló kú ní Èkó. Takiu Folami ti kọ ìwé nípa ìgbésí ayé rẹ̀ ní 1983, Ọlọ́run á san án fún un. Ìwé náà kò wọ́pọ̀ lọ́jà mọ́. Ọ̀pọ̀ ọmọ Èkó ló ń kọjá ní Òkè-Súnà lójoojúmọ́ tí wọn kò gbọ́ orúkọ ọkùnrin yìí rí, tí wọ́n sì mọ gbogbo òṣèré Hollywood lórí.

Ohun tó mú mi sọ ìtàn rẹ̀ títí báyìí ni pé ohun tí London ṣe sí i, àwa náà ń ṣe é sí ara wa nílé. Láyé àwọn ẹgbẹ́ alárìnjó, òṣèré ipa kékeré ní ilé. Nínú ẹgbẹ́ Ògúndé, aya, ọmọ àti ọmọṣẹ́ ló ń ṣeré pọ̀. Ẹni tó ṣe ọba lánàá lè ṣe ìránṣẹ́ lónìí, inú ọkọ̀ kan náà ni wọ́n sì jọ ń wọ̀. Ògúndé alára, ọ̀gá gbogbo wọn, gba ipa kékeré nínú Mister Johnson, eré òyìnbó tí wọ́n yà ní Nàìjíríà kó tó kú ní 1990, kò sì rí i bí ìtìjú. Nígbà tí fídíò dé, ẹgbẹ́ tú. Òṣèré ipa kékeré wá di ẹni tó ń dúró de fóònù. Wọ́n á pè é wá sí lokéṣọ̀n láàárọ̀, wọ́n á yà á nígbà tí ilẹ̀ bá ń ṣú, wọ́n á fún un lówó ọkọ̀ àti díẹ̀ lé e, kò sì ní fọwọ́ sí ìwé kankan. Eré náà á lọ sórí íntánẹ́ẹ̀tì, wọ́n á máa wò ó ní Peckham àti ní Houston, òun kò ní gbọ́ nǹkan kan mọ́ nípa rẹ̀. Ó yá, àìsàn á dé, a ó máa dáwó jọ fún àgbàlagbà tó ti pa wá lẹ́rìn-ín láti kékeré. Ẹ̀yin náà ti rí i, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀mejì.

Orúkọ ńkọ́? Èèyàn mélòó nínú wa ló mọ̀ pé Òjó Arówóṣáfẹ́ ni wọ́n ń pe ẹni tó ṣe Fádèyí Olóró nínú Àrélù ti Jímọ̀ Àlíù? Ó ṣe ipa náà débi pé àwọn ọmọdé ń sá tí wọ́n bá rí i lójú pópó. Ipa gbé orúkọ mì. Nígbà tó kú ní 2023, Fádèyí Olóró la sunkún rẹ̀. Iyì ńlá ni fún òṣèré kí ipa rẹ̀ mọ́ ọn lára tó bẹ́ẹ̀, n kò ní kí a má pè é bẹ́ẹ̀. Mo ní kí a kọ èkejì sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́, kí àwọn ọmọ rẹ̀ lè tọ́ka sí i pé bàbá wa nìyí.

Nítorí náà, ẹ̀yin olóòtú tó wà nínú gbọ̀ngàn yìí, ẹ̀bẹ̀ ni mo bẹ̀ yín. Orúkọ òṣèré ní kíkún àti ipa tó ṣe, ẹ jẹ́ kó dúró lójú àwòrán kí èèyàn lè kà á, títí kan ẹni tó sọ gbólóhùn kan péré. Ẹ fún un ní ìwé àdéhùn, kí iye owó àti ohun tó tọ́ sí i bí eré bá tún tà wà nínú rẹ̀. Kì í ṣe oore ni mo ní kí ẹ ṣe, gbèsè ni.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ẹ wá The Hasty Heart wò. Lẹ́yìn náà, kí ẹnì kọ̀ọ̀kan yín mú àgbà òṣèré kan tó ṣì wà láàyè, tí kì í ṣe olú eré, kí ẹ lọ jókòó tì í, kí ẹ gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀, kí ẹ kọ orúkọ gbogbo eré tó ti ṣe àti ọdún wọn. Bí ẹ bá dúró di ìgbà tó bá kú, àwọn ọmọ rẹ̀ kò ní lè sọ ìdajì rẹ̀ fún yín. Ẹ̀yin ìdílé Àgùdà Èkó, bí fọ́tò Orlando Martins, lẹ́tà rẹ̀ tàbí ìwé eré tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ sàmì sí bá wà nínú àpótí yín, ẹ jọ̀wọ́ ẹ mú un jáde kí ikán tó jẹ ẹ́, kí a lè fi sí ibi tí ọmọ Yorùbá tó bá fẹ́ mọ̀ ọ́n á ti rí i.